A ti sanwó ọ̀nà yìí, ẹ yéé sọ fún wa pé owó ò sí

Ẹ jẹ́ n sọ ọ́ jáde o, torí ó ti ń gbóná láyà mi láti ọjọ́ Ìṣẹ́gun. Agbọ̀n mángòrò méjìdínlógún ni mo kó ní Ògbómọ̀ṣọ́ tí mò ń gbé bọ̀ n'Íbàdàn, aago méje àárọ̀ la gbéra, ìrìn tí ò yẹ kó ju wákàtí méjì lọ, aago mẹ́rin ìrọ̀lẹ́ la tó wọ Bódìjà. Tírélà kan ló ti inú kòtò ṣubú ká tó dé Ọ̀yọ́, ó dábùú títì, iwájú ò ṣe é lọ, ẹ̀yìn ò ṣe é padà sí. Oòrùn ń ta sórí ọkọ̀, mángòrò ń rọ̀, omi ẹ̀ ń kán tó tó tó látẹ̀yìn bọ́ọ̀sì sórí táyà, eṣinṣin ti bò ó, nígbà tó wá bẹ̀rẹ̀ sí í rùn bí ọtí kíkan ni mo mọ̀ pé owó mi ti wọgbó. Agbọ̀n méje ni mo dà nù. Owó tí mo yá lẹ́gbẹ́ aláfọwọ́sowọ́pọ̀ wa ni mo fi rà á o, ọjọ́ tí mo máa dá a padà ò sì yẹ̀.

Mo mọ kòtò yẹn. Mo mọ̀ ọ́n nígbà tí ò ju ojú àwo ọbẹ̀ lọ. Òjò rọ̀ sí i, tírélà ń tẹ̀ ẹ́, ó di odù, ó di ibi tí bọ́ọ̀sì ń wọ̀ tí iwájú ẹ̀ ń pòórá. Ṣebí kékeré la ti ń pẹ̀ka ìrókò! Ọ̀dà díẹ̀ àti òkúta díẹ̀ ì bá ti parí ọ̀rọ̀ yẹn lọ́jọ́ náà lọ́hùn-ún, ṣùgbọ́n kò sẹ́ni tó wá.

Àwọn tó wá ni àwọn ọmọ kan tí wọn ò lè ju ọdún mẹ́rìnlá mẹ́ẹ̀ẹ́dógún lọ, ṣọ́bìrì lọ́wọ́, wọ́n ń bu yẹ̀pẹ̀ sínú kòtò, wọ́n fi okùn dínà, "Mọ́mì, ẹ fún wa ní nǹkan." Ibi méjì la ti pàdé wọn, dẹ́rẹ́bà fún wọn ní igba náírà igba náírà. Mi ò bínú sí wọn rárá. Láti Ògbómọ̀ṣọ́ títí dé Ọ̀yọ́ lọ́jọ́ yẹn, àwọn nìkan ni mo rí tó gba owó ọ̀nà lọ́wọ́ wa tí mo sì fojú mi rí ohun tí wọ́n fi ṣe.

Bàbá àgbàlagbà kan tó jókòó tì mí wá ní, "Ọmọ mi, fara balẹ̀, ìjọba ò lówó ni." Haa! Mo ní Bàbá, ẹ má bínú o, ẹ má sọ bẹ́ẹ̀ sí mi létí lónìí. Owó wo ni wọn ò ní? A ti sanwó ọ̀nà yìí, a tún ń san án!

Ẹ jẹ́ ká kà á. Nígbà kan tóògéètì wà, ibi tí ọkọ̀ ti ń sanwó ọ̀nà kó tó kọjá, ẹni tó bá dàgbà díẹ̀ á rántí, títí dòní kọ̀ńdọ́kítọ̀ ṣì ń pe "Tóògéètì, wọlé o!" n'Íbàdàn àti ní Ọ̀tà lọ́hùn-ún, bẹ́ẹ̀ kò sí géètì kankan níbẹ̀ mọ́. Ìjọba Bàbá Ọbásanjọ́ ló wó wọn ní January 2004, wọ́n ní orí epo là á ti máa san án. Oṣù yẹn náà ni wọ́n gbé náírà kan àtààbọ̀ lé lítà epo kọ̀ọ̀kan, ẹgbẹ́ òṣìṣẹ́ NLC fárígá, ọ̀rọ̀ dé kóòtù. Ó dáa. Nígbà tó di 2007 wọ́n tún òfin FERMA ṣe, àwọn ni ìjọba àpapọ̀ dá sílẹ̀ láti máa tún títì ṣe, òfin yẹn ní kí wọ́n yọ ìdá márùn-ún nínú ọgọ́rùn-ún owó epo bẹntiróòlù àti dísù sọ́tọ̀, kí FERMA mú ogójì nínú ọgọ́rùn-ún ẹ̀, kí ọgọ́ta tó kù lọ sọ́dọ̀ àwọn ìpínlẹ̀, títì nìkan ni kí wọ́n fi tún ṣe. Ẹ ò rí i pé ọ̀rọ̀ tó mọ́yán lórí nìyẹn? Wọn ò lò ó. Wọ́n kọ òfin fúnra wọn, wọ́n jókòó lé e lórí!

Nígbà tí òfin owó orí tuntun wá jáde ní 2025, ìdá márùn-ún lórí epo tún yọjú nínú ẹ̀, gbogbo ìlú pariwo, Taiwo Oyedele tó jẹ́ alága ìgbìmọ̀ owó orí náà jáde pé kì í ṣe nǹkan tuntun, pé ó ti wà nínú òfin FERMA láti 2007. Òótọ́ ló sọ, ohun tó sì ń bí mi nínú gan-an nìyẹn! Ó ti wà níbẹ̀ bí ogún ọdún, epo tí ò tó ₦200 ní ìbẹ̀rẹ̀ 2023 ti di ọ̀tọ̀, wọ́n yọ owó ìrànwọ́ orí ẹ̀ kúrò, wọ́n ní ọ̀nà wà lára ohun tí wọ́n máa fi ṣe, síbẹ̀ àpò kan tí wọ́n máa kọ "títì" sí lára tí ẹnikẹ́ni ò ní í tọwọ́ bọ̀, wọn ò dá a.

Gbèsè ńkọ́? Ní 2017 wọ́n gbé sukuk jáde, ìwé tí ìjọba fi ń yáwó lọ́wọ́ ará ìlú ní ìlànà Ìsìláàmù, wọ́n fi yá ₦100 bílíọ̀nù tìtorí títì, èrè tí wọ́n fi ọdún méje san lórí ẹ̀ jẹ́ 16.47 nínú ọgọ́rùn-ún lọ́dọọdún, wọ́n sì tún ti yá òmíràn léraléra lẹ́yìn ẹ̀. Owó ta ni wọ́n fi ń san án? Owó èmi àti ẹ̀yin. Ní 2021 wọ́n ní kí NNPC, iléeṣẹ́ epo ìjọba, ná ₦621 bílíọ̀nù sórí títì mọ́kànlélógún, ó lé ní ẹgbẹ̀sán kìlómítà, kí wọ́n máa yọ ọ́ nínú owó orí tó yẹ kí wọ́n san fún ìjọba. Owó orí yẹn, tiwa náà ni. Nígbà tó di August 2025 NNPC ní àwọn ò san mọ́, iṣẹ́ sì wà nílẹ̀ tí ò parí. Tóògéètì tí wọ́n wó yẹn náà ti ń padà bọ̀, wọ́n ti bẹ̀rẹ̀ sí í gbà á lọ́nà Abuja sí Makurdi láti February 2025.

Ibi tí owó ń gbà sọnù ò farasin. Wọ́n á kọ títì sínú bọ́jẹ́ẹ̀tì, wọ́n á kà á lórí rédíò, wọn ò ní í tú owó sílẹ̀. Kọngilá á ṣe díẹ̀, wọn ò ní í sanwó fún un, á kó katakítà ẹ̀ kúrò, òjò á wá wọ inú ibi tó ti wú sílẹ̀ tí ò tíì da ọ̀dà sí, á wó gbogbo ẹ̀ lulẹ̀, tó bá padà dé lẹ́yìn ọdún mẹ́ta, iye tuntun ló máa pè, wọ́n á fọwọ́ sí i. Ẹ wo ẹsipiréèsì Èkó sí Ìbàdàn, 1978 ni wọ́n ṣí i, wọ́n lò ó títí ó fi fọ́ yángá, wọ́n gbé e fún aládàáni ní 2009, wọ́n gbà á padà ní 2012, wọ́n tún gbé iṣẹ́ ẹ̀ jáde ní 2013 ní ₦167 bílíọ̀nù, ó sì tó ọdún mẹ́wàá ká tó bẹ̀rẹ̀ sí í rìn ín bí èèyàn. Àwọn tó kú síbẹ̀ láàárín ìgbà yẹn ńkọ́? Báyìí wọ́n tún ti ń la títì etíkun Èkó sí Calabar, kìlómítà 47 àkọ́kọ́ nìkan lé ní tíríliọ̀nù náírà kan! Mi ò ní kí wọ́n má ṣe é. Ta ló máa máa tún un ṣe, owó wo ni wọ́n yà sọ́tọ̀ fún ìyẹn?

Ohun tí mo ń bèèrè ò pọ̀. Ẹ gbé pátákó sí ẹnu títì kọ̀ọ̀kan, ẹ kọ iye tó jáde fún un lọ́dún yìí, ọjọ́ tó jáde, ẹni tó gbà á. Ẹ fún FERMA ní owó tí òfin ní kí ẹ fún wọn, kí wọ́n wá dí kòtò nígbà tó ṣì kéré.

Lọ́la ni mò ń padà lọ Ògbómọ̀ṣọ́, mángòrò ò dúró de ẹnikẹ́ni. Dẹ́rẹ́bà pè mí láàárọ̀ yìí, ó ń bẹ̀ mí kó tó sọ̀rọ̀. Shọ́ọ̀kì iwájú ọkọ̀ ẹ̀ méjèèjì ló já lọ́jọ́ náà, ó ní agbọ̀n kọ̀ọ̀kan máa fi ẹ̀ẹ́dẹ́gbẹ̀ta náírà lé iye tí mò ń san tẹ́lẹ̀.