Frank Kelly ti ń ṣeré tipẹ́ kí Father Jack tó dé

Ọ̀rọ̀ Frank Kelly, òṣèré ará Áyálándì, ń dùn mí. Ẹ dárúkọ rẹ̀ létí àwọn tó mọ̀ ọ́n, Father Jack inú Father Ted, eré ẹ̀fẹ̀ orí tẹlifíṣọ̀n, ni wọn yóò fi dá yín lóhùn: àlùfáà arúgbó tó jókòó gbagidi sínú àga, tí ẹyinjú rẹ̀ kan funfun, tó ń bú ramúramù pé òun fẹ́ mu ọtí. Láti 1995 sí 1998 ni Channel 4, ìkànnì tẹlifíṣọ̀n ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, fi gbé e jáde, apá 25 péré. Mo rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú mi. Ṣùgbọ́n Kelly ti lé ní ẹni ọdún 55 kí eré yẹn tó dé. Kí ló ti ń ṣe bọ̀?

Blackrock nítòsí Dublin ni wọ́n bí i sí lọ́dún 1938. Bàbá rẹ̀, Charles E. Kelly, wà lára àwọn tó dá ìwé ìròyìn ẹ̀fẹ̀ Dublin Opinion sílẹ̀, òun náà ló sì ń ya àwòrán síbẹ̀. Ọmọ yìí kàwé lọ́yà jáde, àmọ́ eré ló gbà á lọ́kàn. Lọ́dún 1969 ó ṣe wọ́dà nínú fíìmù The Italian Job, ipa kékeré tí èèyàn lè ṣẹ́jú kó má rí i.

Iṣẹ́ gan-an wà lórí tẹlifíṣọ̀n RTÉ, ilé iṣẹ́ ìgbóhùnsáfẹ́fẹ́ ìjọba Áyálándì. Ó wà nínú Wanderly Wagon, eré àwọn ọmọdé tí ọkọ̀ onígi inú rẹ̀ ń fò lójú ọ̀run, ó sì ń fi ohùn rẹ̀ sọ̀rọ̀ fún àwọn ọmọlangidi. Láti 1971, nínú Hall's Pictorial Weekly, ètò ẹ̀fẹ̀ RTÉ kan, ó di Parnell Mooney, kánsẹ́lọ̀ ìlú àfinúrò kan tó ń jẹ́ Ballymagash. Títí di 1978, ìkànnì tẹlifíṣọ̀n kan ṣoṣo ni RTÉ ní. Ohun tí wọ́n bá fi àwọn olóṣèlú ṣe yẹ̀yẹ́ lálẹ́, òun ni wọ́n ń sọ níbi iṣẹ́ láàárọ̀ ọjọ́ kejì. Nígbà tí ìjọba Liam Cosgrave, olórí ìjọba Áyálándì, wọlẹ̀ nínú ìbò 1977, àwọn kan ní eré yẹn wà lára ohun tó bì í ṣubú.

Lójú tèmi, ibẹ̀ ni Father Jack ti wá. Ọ̀rọ̀ mẹ́rin péré ló fẹ́rẹ̀ẹ́ máa ń sọ, síbẹ̀ ẹ ó mọ èyí tó jẹ́ ìbínú, ẹ ó mọ èyí tó jẹ́ ẹ̀bẹ̀. Ẹni tó ti fi ohùn lásán mú kí ọmọlangidi dà bí ènìyàn ló lè ṣe bẹ́ẹ̀.

Ó kú ní ọjọ́ 28 oṣù Kejì, 2016, ọdún 18 géérégé lẹ́yìn ikú Dermot Morgan tó ṣe Father Ted fúnra rẹ̀. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ bá ní fídíò Parnell Mooney lọ́wọ́, ẹ jọ̀ọ́, ẹ fi ránṣẹ́ sí mi.