Òkúta Quartz Kò Mọ Ìṣirò

Lọ́sẹ̀ tó kọjá, ọmọbìnrin kan tí mo ń kọ́ ní lẹ́sìn n'Ìbàdàn jókòó síwájú ìṣirò kan tó ti ṣe láṣeyọrí lọ́jọ́ méjì ṣáájú, kò sì lè kọ ìlà kan. Ọwọ́ rẹ̀ ń gbọ̀n. Mo bi í pé kí ló dé. Ó ní òun gbàgbé òkúta òun sí ilé ìwé.

Ìyá rẹ̀ ló wá ṣàlàyé fún mi. Orí íntánẹ́ẹ̀tì ló ti rà á, 14,000 náírà: òkúta kan tí wọ́n ń pè ní quartz, tó mọ́ gaara bíi yìnyín, ẹ̀gbẹ́ mẹ́fà, ṣóńṣó lórí. Ẹni tó tà á fún un ní òkúta ìṣirò ni, pé bí ọmọ bá ti ń mú un dání, orí rẹ̀ á máa ṣí sí nọ́ńbà. "Tíṣà, kì í ṣe oògùn o. Sáyẹ́ǹsì ni. Òun náà ló wà nínú aago ọwọ́ yín, òun ló ń ka àkókò fún yín."

Ọ̀rọ̀ aago yẹn ló ń mú àwọn tó kàwé pàápàá. Mo ti gbọ́ ọ lẹ́nu òṣìṣẹ́ báńkì, mo ti gbọ́ ọ lẹ́nu olùkọ́ ẹlẹgbẹ́ mi. Wọ́n á ní bí òkúta bá lè ka ìṣẹ́jú àáyá láìṣì í kà, ó ní láti jẹ́ pé ìṣirò wà nínú rẹ̀, pé agbára náà lè ran ẹni tó bá gbé e sápò. Òótọ́ ni pé quartz wà nínú aago. Ohun tí wọ́n gbé lé e lórí ni kò rí bẹ́ẹ̀.

Quartz kì í ṣe ohun ọ̀wọ́n. Sílíkọ́nì àti ọ́síjìn ló para pọ̀ dà á. Èyí tó pọ̀ jù nínú iyanrìn etíkun Èkó, quartz ni, àwọn bíríkìlà sì ń fi ṣọ́bìrì kó o lójoojúmọ́. Àwọn Gíríìkì àtijọ́ rò pé omi tó dì títí tí kò lè yọ́ mọ́ ni, ibẹ̀ sì ni orúkọ kírísítálì tí à ń kà nínú Bíbélì ti wá: yìnyín ló túmọ̀ sí lédè wọn. Ọ̀pọ̀ ọgọ́rùn-ún ọdún làwọn ọ̀mọ̀wé fi gba ìyẹn gbọ́, kò sì sọ òkúta di omi.

Ẹ̀gbẹ́ mẹ́fà yẹn náà máa ń ya àwọn ènìyàn lẹ́nu, ó sì yẹ kó yà wọ́n lẹ́nu. Ní 1669, Nicolas Steno, ọmọ ilẹ̀ Dẹ́ńmáàkì, kọ ọ́ sílẹ̀ pé bí quartz ṣe wù kó tóbi tàbí kó kéré, igun tó wà láàárín ẹ̀gbẹ́ kan àti èkejì tó tẹ̀ lé e kì í yí padà. Dígírì 120 ni. Bí àwọn ẹyọ kéékèèké tí ojú kò lè rí ṣe tò sórí ara wọn nínú rẹ̀ ló fà á, gẹ́gẹ́ bí afárá oyin ṣe máa ń ní igun mẹ́fà. Bẹ́ẹ̀, kò sí ẹni tó ń so afárá oyin mọ́ ọmọ lọ́rùn kó lè mọ ìṣirò.

Ó wá ku aago. Ní 1880, ní Paris, Jacques Curie àti àbúrò rẹ̀ Pierre rí i pé bí èèyàn bá tẹ quartz, iná mànàmáná díẹ̀ á jáde lára rẹ̀. Òdì kejì rẹ̀ náà ń ṣẹlẹ̀: bí èèyàn bá fún un ní iná, á tẹ̀ díẹ̀, á sì máa gbọ̀n. Ohun tí aago ń lò nìyẹn. Ṣùgbọ́n ẹ kíyè sí ibi tí iná ti ń wá. Inú bátìrì ni. Ẹ yọ bátìrì aago yín, kí ẹ fi quartz sílẹ̀ níbẹ̀, ọwọ́ aago kò ní sún. Òkúta tí kò lè ti ọwọ́ aago fúnra rẹ̀, kí ló fẹ́ tì nínú orí ọmọ?

Èyí tó wà nínú ọ̀pọ̀ aago òde òní, wọn kì í tilẹ̀ wà á nínú ilẹ̀. Ilé iṣẹ́ ni wọ́n ti ń mú un dàgbà. Wọ́n á gé e bíi fọ́ọ̀kì oníyín méjì, tíńtín bí hóró ìrẹsì, wọ́n á fi irin fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ bo orí rẹ̀, wọ́n á sì máa fi iná lésà yọ irin náà díẹ̀díẹ̀ títí yóò fi máa gbọ̀n ní ìgbà 32,768 gẹ́lẹ́ láàárín ìṣẹ́jú àáyá kan. Ẹ rántí agogo. Agogo ńlá ní ohùn tirẹ̀, agogo kékeré ní tirẹ̀, alágbẹ̀dẹ ló sì pinnu èyí tí yóò ké bí ó ṣe ké. Bẹ́ẹ̀ náà ni quartz rí.

Kí ló dé tó fi jẹ́ 32,768? Ẹ bẹ̀rẹ̀ láti orí 1, kí ẹ máa sọ ọ́ di ìlọ́po méjì: 2, 4, 8, 16. Ní ìgbà kẹẹ̀ẹ́dógún, 32,768 lẹ máa bá. Nítorí náà, ẹ̀rọ kékeré inú aago kàn ń pín in sí méjì nígbà 15, ohun tó sì kù ni ẹyọ kan, ìṣẹ́jú àáyá kan. Ó tún ga ju ohun tí etí wa lè gbọ́ lọ, ìyẹn ni ìgbọ̀nrìrì rẹ̀ kì í fi í dí wa lọ́wọ́. Àwọn ènìyàn tó mọ ìṣirò ló jókòó tí wọ́n yan nọ́ńbà yẹn. Nígbà tí Seiko, ilé iṣẹ́ aago ní Japan, gbé Astron, aago ọwọ́ quartz àkọ́kọ́ tí wọ́n tà fáráyé, jáde ní Tokyo lọ́jọ́ 25 oṣù Kejìlá 1969, 8,192 ni wọ́n lò. Quartz kan náà ni, nọ́ńbà mìíràn.

Àwọn kan á sọ pé àwọn mú un dání, ara àwọn sì móoru, ọkàn àwọn sì balẹ̀. N kò pè wọ́n ní òpùrọ́. Christopher French, onímọ̀ nípa ìrònú ẹ̀dá, àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ní ilé ẹ̀kọ́ gíga Goldsmiths, London, dán an wò, wọ́n sì gbé àbájáde rẹ̀ kalẹ̀ ní 2001. Wọ́n ní kí 80 ènìyàn mú òkúta dání kí wọ́n sì fọkàn sí i. Àwọn kan gba quartz gidi, àwọn mìíràn gba ayédèrú láìmọ̀. Ohun tí àwọn méjèèjì ní àwọn ń mọ̀ lára kò yàtọ̀. Àwọn tí wọ́n ti sọ fún ṣáájú pé irú nǹkan báyìí lè ṣe wọ́n ló sọ pé ó ṣe wọ́n jù.

Ohun tó ń dùn mí kì í ṣe 14,000 náírà yẹn nìkan. Ọmọ tó fọwọ́ ara rẹ̀ ṣe ìṣirò lọ́jọ́ Ajé ti gbà pé òkúta ló ṣe é. Nígbà tí òkúta kò sí, ó rò pé olódo lòun. Iṣẹ́ orí rẹ̀ ni wọ́n gbà lọ́wọ́ rẹ̀, wọ́n sì fún ohun tí kò ní orí.

Mo bẹ ìyá rẹ̀, mo ní, "Mọ̀mí, ẹ jẹ́ kí n fi ìṣẹ́jú mẹ́wàá hàn án." Mo kọ 32,768 sórí ìwé, mo ní kó máa pín in sí méjì. Ọwọ́ rẹ̀ ṣì ń gbọ̀n lórí 16,384. Lórí 4,096 ó ti ń yára. Nígbà tó dé 256, ó dúró, ó gbójú sókè. "Tíṣà, igba ó lé mẹ́rìndínlọ́gọ́ta. Ṣé kì í ṣe iye odù Ifá nìyí? Wọ́n kọ́ wa ní kíláàsì Yorùbá."

Mo ní òun ni. Mo ya ọ̀pẹ̀lẹ̀ fún un, èèpo mẹ́jọ, kálukú lè ṣí, kálukú lè dé, mo sì ní kó máa pín in lọ. Ìlà mẹ́jọ gẹ́lẹ́ ló kọ sí i kó tó dé orí 1.