Ta ló sọ pé ojú kan ni ìràwọ̀ ń wà?

Níbi ìsọmọlórúkọ kan ní Adéta lọ́sẹ̀ tó kọjá, ẹ̀gbọ́n kan tún gbé e jáde: "Ìràwọ̀ kì í yẹsẹ̀. Ibi tí Ọlọ́run fi í sí lọ́jọ́ tó dá a, ibẹ̀ náà ló wà." Gbogbo ilé ń mi orí. Mo ti gbọ́ ọ̀rọ̀ yìí nílùú Ìlọrin títí ó fi sú mi. Ẹ̀gbọ́n, mo bọ̀wọ̀ fún yín, ṣùgbọ́n kò rí bẹ́ẹ̀.

Ẹ jẹ́ kí n sọ ohun tí ojú mi rí. Ní 2021, lẹ́yìn òjò àkọ́rọ̀ tó fọ eruku ọyẹ́ kúrò lójú ọ̀run, mo gbé ẹ̀rọ awòràwọ̀ mi sí ẹ̀yìnkùlé bàbá mi ní Òmù-Àrán. Ìṣùpọ̀ ìràwọ̀ ńlá kan (galaxy) tí ojú lásán kò lè rí ni mò ń wá, M104 ni wọ́n ń pè é. Bí a ṣe ń fi ìlà ìbú àti ìlà òró mọ ibi tí ìlú wà, bẹ́ẹ̀ ni àwọn onímọ̀ ìràwọ̀ fa ìlà sójú ọ̀run. Declination ń sọ bí ìràwọ̀ ṣe jìnnà tó sí ìlà agbedeméjì ọ̀run, lápá àríwá tàbí gúúsù. Right ascension ń sọ bó ṣe lọ sápá ìlà-oòrùn tó, wákàtí àti ìṣẹ́jú ni wọ́n sì fi ń kà á.

Mo gba nọ́ńbà ìràwọ̀ Spica lórí fóònù, mo fi to ẹ̀rọ náà. Mo wá gba ti M104 nínú ìwé àtijọ́ kan tí ẹnìkan fi ta mí lọ́rẹ. Mo yí i débẹ̀: òkùnkùn lásán. Mo tún un tò lẹ́ẹ̀mẹta, ẹ̀fọn ń jẹ mí, ẹkún fẹ́rẹ̀ẹ́ gbọ̀n mí. Ìgbà tí mo ṣí ojú ewé àkọ́kọ́ ìwé náà ni mo rí 1950 gàdàgbà. Ti ọdún tí a wà ni fóònù fún mi. Ìyàtọ̀ wọn fẹ́rẹ̀ẹ́ tó dígírì kan, bí òṣùpá àrànmọ́jú méjì tí a tò síra wọn. Ihò tí mò ń yọjú wò kò gbà tó bẹ́ẹ̀. Mo tún ìṣirò náà ṣe, M104 sì yọ sí mi bí èéfín tín-ín-rín.

Ayé ló ń ṣe bí òkòtó tí eré rẹ̀ ti ń rọ̀: ó ń yí, orí rẹ̀ náà sì ń rọra yí òbìrí. Òbìrí kan ṣoṣo ń gbà á tó 26,000 ọdún. Ìlà tí a fà sójú ọ̀run ń bá a yí, ìdí nìyẹn tí àdírẹ́sì ìràwọ̀ kò fi pé bí a kò bá kọ ọdún tì í. B1950, ìyẹn ti ọdún 1950, ni wọ́n ń lò tẹ́lẹ̀, J2000.0, ìyẹn ọ̀sán ọjọ́ kìíní ọdún 2000, ló wá rọ́pò rẹ̀. Ó ti lé ní 2,100 ọdún tí Hipparchus, onímọ̀ ìràwọ̀ ará Gíríìsì, ti fi ibi tí Spica wà wé àkọsílẹ̀ Timocharis tó ṣáájú rẹ̀, tó rí i pé ó ti sún ní nǹkan bíi dígírì méjì.

Ẹ̀gbọ́n kan á ní ìlà ló sún, kì í ṣe ìràwọ̀. Ìràwọ̀ fúnra rẹ̀ náà ń rìn. Edmond Halley, onímọ̀ ìràwọ̀ ará Gẹ̀ẹ́sì, fi èyí hàn ní 1718: ìràwọ̀ Sirius àti Arcturus kò sí níbi tí àwọn ará Gíríìsì kọ sílẹ̀ mọ́. Láti ayé Hipparchus, Arcturus ti rìn ju ìbú òṣùpá méjì lọ. Èyí tí wọ́n ń pè ní Barnard's Star ló ń yára sún jù lójú ọ̀run: á rin ìbú òṣùpá kan láàárín nǹkan bí 180 ọdún. Gaia, ẹ̀rọ tí àwọn ará Yúróòpù rán lọ sí òfúrufú ní 2013, ti wọn ìràwọ̀ tó lé ní bílíọ̀nù kan. Nínú àkójọ rẹ̀ ti 2022, ọdún 2016 ni wọ́n so mọ́ ibi tí ìràwọ̀ wà, wọ́n sì kọ bó ṣe ń yára sí.

Pé bí àwọn bàbá wa ṣe rí wọn náà la ṣe ń rí wọn? Mo gbà pé ojú lásán kò lè rí ìyípadà náà láàárín ọgọ́rin ọdún. Ìyẹn kò ní kí wọ́n má rìn.

Ìwé 1950 náà ṣì wà lọ́wọ́ mi. Ẹ̀gbọ́n, tí ọyẹ́ bá ti lọ, ẹ jẹ́ ká jọ lọ sí Òmù-Àrán, kí ẹ fi ọwọ́ ara yín to ẹ̀rọ náà.