Kì í ṣe Chaplin ló bẹ̀rẹ̀ rẹ̀

Ẹ jọ̀ọ́, èyí tí ẹ ń pín kiri pé Charlie Chaplin ló dá fíìmù apanilẹ́rìn-ín aláìlóhùn sílẹ̀ kì í ṣe òótọ́.

Louis Lumière ti ya ọ̀kan, L'Arroseur arrosé, ní Faransé ní 1895. Ọmọkùnrin kan fẹsẹ̀ tẹ rọ́bà omi mọ́lẹ̀. Olùtọ́jú ọgbà yọjú wo ẹnu rọ́bà, ọmọ gbẹ́sẹ̀, omi bá tú sí bàbá lójú! Kò tó ìṣẹ́jú kan, ó ṣì ń pa mí lẹ́rìn-ín. 1914 ni Chaplin tó wọ fíìmù. Max Linder, apanilẹ́rìn-ín ará Faransé, pàápàá ti lókìkí ṣáájú rẹ̀.

Ẹni tó sọ nǹkan di ńlá yàtọ̀ sí ẹni tó bẹ̀rẹ̀ rẹ̀. Chaplin sọ ọ́ di ńlá ni, kì í ṣe òun ló bẹ̀rẹ̀ rẹ̀.

Ẹ wá L'Arroseur arrosé wò lórí YouTube, kí ẹ fi ọdún tí wọ́n yà á wé ọdún tí wọ́n bí Chaplin: 1889.