Púlì kan lókè kì í dín ẹrù kù

Ẹnì kan sọ pé púlì (kẹ̀kẹ́ kékeré tí okùn ń gbà lórí rẹ̀) kan ṣoṣo lórí pẹ̀tẹ́ẹ̀sì ní Muṣin ń sọ àpò sìmẹ́ńtì 50 kg di 25, kò rí bẹ́ẹ̀ o. Ẹ ń fa okùn wálẹ̀, àpò ń gòkè, ìyẹn nìkan ló yí padà. Agbára 50 ṣì ni, ó tiẹ̀ máa lé bí púlì bá ti dípẹtà. Igi tí wọ́n so ó mọ́ ló ń jìyà jù: àpò 50, ọwọ́ tó ń fà á 50, ó di 100 kg. Ibẹ̀ ni pákó ti ń dá.

Tẹ́ ẹ bá fẹ́ bíi 25, ẹ so orí okùn mọ́ igi òkè, ẹ gbà á sábẹ́ púlì kejì tí àpò kọ́ mọ́, kó tó gba ti òkè. Àmọ́ kí àpò tó gòkè mítà 6, okùn mítà 12 lẹ máa fà.